Wọ́n ní kí n kọ́ COBOL lẹ́nu iṣẹ́: ibo ni kí n ti bẹ̀rẹ̀?

Ọmọ_Ọ̀yọ́_Dallas
Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin ará ilé. Java, èdè kọ̀ǹpútà, ni mo fi ń jẹun láti bí ọdún mẹ́fà. Lọ́sẹ̀ tó kọjá, ọ̀gá mi nílé iṣẹ́ adójútòfò tí mo wà níbí pè mí, ó ní àwọn àgbà méjì tó ń tọ́jú COBOL wa (èdè kọ̀ǹpútà àtijọ́ tí wọ́n fi kọ àwọn ètò owó wa) ti fẹ́ fẹ̀yìn tì, ọ̀kan lóṣù Kẹsàn-án, èkejì kí ọdún tó parí. Ó ní kí n lọ jókòó tì wọ́n, kí n sì máa ronú bí a ó ṣe sọ gbogbo rẹ̀ di tuntun. Mo ṣí fáìlì kan báyìí, ìlà 11,000, lẹ́tà ńlá látòkèdélẹ̀ bí ẹni tó ń jágbe mọ́ni.

Ṣé kí n gbà á ni, àbí kí n tètè wá iṣẹ́ mìíràn? Bí mo bá gbà, ibo ni kí n ti mú un? Ṣé n ò kàn lè kó gbogbo rẹ̀ fún AI kó sọ ọ́ di Java, kí n lọ sùn?

Ẹlẹ́nu_Ṣáṣá
Bọ̀dá, ẹ sá. Èdè tó dàgbà ju bàbá mi lọ.

Bàbá_Káàdì
Ẹlẹ́nu Ṣáṣá, èdè tó dàgbà ju bàbá rẹ lọ yẹn ló ń ṣírò owó ìfẹ̀yìntì mi lóṣooṣù, kò sì tíì ṣì í rí.

Àbúrò Dallas, gbà á. Èkó ni mo ti kọ́ COBOL ní 1979, lórí káàdì tí a ń lu ihò sí. Káàdì kan, ìlà kan, lẹ́tà 80. Ohun tí ò ń wò nínú fáìlì yín yẹn, káàdì ni, kò kàn ní bébà mọ́ ni. Òpó 1 dé 6 wà fún nọ́ńbà ìlà. Òpó 7 la ń fi ìràwọ̀ sí bí ìlà náà bá jẹ́ àlàyé lásán. Òpó 8 dé 11 ni Area A, ibi tí àkọlé máa ń bẹ̀rẹ̀, òpó 12 dé 72 ni Area B, ibi tí àṣẹ gan-an wà. Bí o bá kọ nǹkan kọjá 72, ẹ̀rọ ò ní kà á, kò sì ní sọ fún ẹ. Òpó 73 dé 80 la máa ń kọ nọ́ńbà sí, kí káàdì tó bá dàrú lè ṣeé tò padà. Mo da àpótí káàdì kan sílẹ̀ lórí àtẹ̀gùn nígbà kan, bí 600, n ò sì kọ nọ́ńbà kankan sí wọn. Mo sunkún lọ́jọ́ náà, ọkùnrin tó ti gbéyàwó.

Èdè náà fúnra rẹ̀ ò le. Àwọn ìgbìmọ̀ CODASYL tó bẹ̀rẹ̀ rẹ̀ ní 1959 fẹ́ kí ẹni tó ń ṣe ìṣirò owó lè kà á kó sì yé e. Grace Hopper, obìnrin aṣáájú nínú iṣẹ́ kọ̀ǹpútà, ti fi èdè rẹ̀ FLOW-MATIC hàn wọ́n ṣáájú pé ọ̀rọ̀ Gẹ̀ẹ́sì ojoojúmọ́ ṣeé fi pàṣẹ fún kọ̀ǹpútà. Lóṣù Kejìlá 1960, wọ́n mú ètò kan náà, wọ́n jẹ́ kó ṣiṣẹ́ lórí UNIVAC II àti lórí RCA 501, ẹ̀rọ ilé iṣẹ́ méjì tí kò bára tan. Lásìkò yẹn, ẹ̀rọ kọ̀ọ̀kan ló ní èdè tirẹ̀, bí o bá pààrọ̀ ẹ̀rọ, o tún gbogbo iṣẹ́ kọ nìyẹn.

Ẹni tó mọ Java, ọ̀sẹ̀ mẹ́ta péré, á ti máa ka COBOL bí ìwé ìròyìn. Àwọn tó yí i ká ló máa fojú ẹ rí màbo: JCL (àṣẹ tí a fi ń rán ètò níṣẹ́), CICS (èyí tó ń dá àwọn oníbàárà lóhùn lójú ẹsẹ̀), VSAM àti Db2 (ibi tí dátà wà), copybook (àpèjúwe bí fáìlì ṣe rí), àti bí nọ́ńbà ṣe ń gbé inú fáìlì. Ti nọ́ńbà yẹn, màá padà wá sórí ẹ̀. Mo fẹ́ lọ jẹun.

Akẹ́kọ̀ọ́_Ìbàdàn
Ẹ kú àṣálẹ́ o. Èmi ò ní mainframe, kọ̀ǹpútà ńlá tí àwọn báńkì ń lò, kọ̀ǹpútà àgbéléwọ̀n tó ti gbó ni mo ní, dátà mi ò sì pọ̀. Ṣé mo lè kọ́ ọ báyìí?

Ìyá_Kóòdù
O lè kọ́ ọ dáadáa. GnuCOBOL, ètò tó ń sọ kóòdù COBOL di ohun tó ń ṣiṣẹ́, ọ̀fẹ́ ni, kò wúwo, ó ń ṣiṣẹ́ lórí Linux àti Windows. Kọ èyí sínú fáìlì kan, kí o pè é ní ele.cob:

```
identification division.
program-id. ele.
data division.
working-storage section.
01 owo    pic 9(5)v99 value 1250.80.
01 ele-a  pic 9(5)v99.
01 ele-b  pic 9(5)v99.
procedure division.
    compute ele-a = owo * 0.0375
    compute ele-b rounded = owo * 0.0375
    display ele-a
    display ele-b
    stop run.
```

Kí o wá tẹ `cobc -x -free ele.cob`, lẹ́yìn náà `./ele`. Ọ̀rọ̀ `-free` yẹn ló ń sọ fún un pé kó má wulẹ̀ ka òpó káàdì bàbá. Lẹ́tà kékeré náà sì dára, Dallas: COBOL ò bìkítà, àwọn ìran àtijọ́ ló mọ́ lára láti máa jágbe.

Sọ ohun tí o rí fún wa.

Akẹ́kọ̀ọ́_Ìbàdàn
00046.90 àti 00046.91. Èé ṣe tí wọ́n fi yàtọ̀, màámi? Ìṣirò kan náà ni.

Ìyá_Kóòdù
Èso tí mo fẹ́ kí o ká nìyẹn. 1,250.80 lọ́nà 0.0375, 46.905 gééré ló jẹ́. Àyè méjì péré ni `v99` fún wa lẹ́yìn àmì dẹ́símà. COBOL kì í sún nọ́ńbà sókè fúnra rẹ̀, ṣe ló máa gé 5 ìkẹyìn yẹn dànù, àfi bí o bá kọ ROUNDED. (Tó bá jẹ́ orí mainframe ni, 0004690 ni wàá rí, kò ní sí àmì dẹ́símà rárá. Àmì `v` yẹn, inú orí COBOL ló wà, kò sí nínú fáìlì.)

Ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tí pẹ́ńsì kan yìí fojú mi rí. Ilé iṣẹ́ kan tí mo bá ṣiṣẹ́ ní Láńdọ̀nù, n ò ní dárúkọ, gbé ìṣirò èlé kúrò nínú COBOL bọ́ sínú Java. Ọmọkùnrin tó kọ ọ́ mọṣẹ́. Kò fi double (irú nọ́ńbà dẹ́símà Java tí kì í péye) ṣe é, torí ó mọ̀ pé 0.1 àti 0.2 nínú double kì í jẹ́ 0.3 gééré. BigDecimal tó péye ló lò. Ṣùgbọ́n ó yan HALF_UP, tó ń sún ìdajì sókè, bẹ́ẹ̀ COBOL àtijọ́ ò ní ROUNDED níbì kankan. A fi ẹ̀rọ méjèèjì ṣiṣẹ́ pọ̀ lóru ọjọ́ kan, a sì fi èsì wọn wéra. Nínú àkáǹtì 40,000, ó lé ní 19,000 tó fi pẹ́ńsì kan yàtọ̀ síra.

Ta ló jàre? Olùkọ́ ìṣirò á ní Java ni. Ṣùgbọ́n a lọ tú ìwé àdéhùn tí àwọn oníbàárà fọwọ́ sí, ó wà níbẹ̀ pé gígé la ó máa gé e. COBOL ló jàre. Bí a ò bá fi èsì wéra ni, à bá ti máa san owó tí a ò jẹ fún wọn, lọ́dọọdún, láìmọ̀.

Ẹlẹ́nu_Ṣáṣá
Pẹ́ńsì kan náà lẹ ń pariwo lé lórí?

Ìyá_Kóòdù
Lọ bi ẹni tó ń yẹ ìwé owó báńkì wò.

Bàbá_Káàdì
Mo ti jẹun. Dallas, ohun tí mo fẹ́ sọ yìí, kọ ọ́ sílẹ̀, torí ọjọ́ tí ẹ bá fẹ́ kó fáìlì kúrò lórí mainframe lọ sórí ẹ̀rọ mìíràn ló máa bù yín jẹ.

Wàá rí nínú copybook yín nǹkan bíi `PIC S9(7)V99 COMP-3`. Nọ́ńbà tí a dì pọ̀ nìyẹn: báìtì kan gba nọ́ńbà méjì, ìdajì báìtì tó kẹ́yìn sì ń sọ bóyá owó wà níbẹ̀ tàbí gbèsè. C ni ti owó, D ni ti gbèsè. Nọ́ńbà mẹ́sàn-án pẹ̀lú àmì kan, báìtì márùn-ún péré. Nígbà tí dísíìkì ṣì wọ́n bí ojú, ọgbọ́n ńlá ni.

Jẹ́ ká ní 1,400.00 dọ́là ló wà níbẹ̀. Bí o bá fi HEX ON, àṣẹ tó ń fi báìtì hàn, wò ó nínú ISPF, ojú ìwòye mainframe, ohun tó wà nínú fáìlì nìyí:

```
00 01 40 00 0C
```

Ẹ̀wẹ̀, mainframe kì í fi ASCII, ìlànà nọ́ńbà tí ẹ̀rọ yín fi ń dúró fún lẹ́tà, kọ lẹ́tà, EBCDIC, ìlànà tirẹ̀, ló ń lò. Lẹ́tà A jẹ́ C1 níbẹ̀, ó sì jẹ́ 41 lọ́dọ̀ yín. Àlàfo lásán jẹ́ 40 níbẹ̀, ó jẹ́ 20 lọ́dọ̀ yín. Ẹnì kan á wá fi FTP, ètò tí a fi ń gbé fáìlì láti ẹ̀rọ kan dé òmíràn, gbé fáìlì náà bí ẹni gbé ìwé lásán, FTP á ṣe é lóore, á túmọ̀ gbogbo rẹ̀ láti EBCDIC sí ASCII. Á rí 40, á ní "ẹ̀n-ẹ́n, àlàfo nìyí", á sọ ọ́ di 20:

```
00 01 20 00 0C
```

1,400 dọ́là ti di 1,200. Ẹ̀rọ ò kú, pupa ò tàn, nọ́ńbà tó mọ́gbọ́n dání ni. Igba dọ́là bá atẹ́gùn lọ. Mo ti rí i tó ṣẹlẹ̀, oṣù méjì kó tó hàn, oníbàárà kan ló pè wá.

Binary, láìtúmọ̀ báìtì kankan, ni kí ẹ fi gbé e, kí ẹ wá fi copybook lọ́wọ́ túmọ̀ ọ̀kọ̀ọ̀kan: èyí tó jẹ́ lẹ́tà, ẹ túmọ̀ rẹ̀, èyí tó jẹ́ COMP-3, ẹ tú u. Ẹ tún ṣọ́ títò. Nínú EBCDIC, lẹ́tà ló ń ṣáájú nọ́ńbà. Nínú ASCII, nọ́ńbà ló ń ṣáájú lẹ́tà. Ìwé ìṣirò tó ti ń fi A001 ṣáájú 1001 láti ogójì ọdún á dédé yí padà, ètò tó ń retí pé ó tò bó ṣe máa ń tò á sì máa fo àwọn ènìyàn kọjá.

Ọmọ_Ọ̀yọ́_Dallas
Bàbá, ẹ ṣé gan-an. Àyà mi já díẹ̀ sí i ni. Nípa AI ńkọ́? Ọ̀gá mi ti lọ sí ìpàdé kan, ó ti gbọ́ pé ẹ̀rọ wà tó lè túmọ̀ rẹ̀.

Ìyá_Kóòdù
Ẹ̀rọ wà lóòótọ́. IBM ní tirẹ̀ tó ń sọ COBOL di Java, àwọn mìíràn náà ní. Mo ń fi AI ka kóòdù lójoojúmọ́, ó sì ń ràn mí lọ́wọ́: gbé paragraph (apá kóòdù kan) ìlà 300 fún un, á sọ ohun tó ń ṣe. Ibi tí ó ti ń ṣì wá lọ́nà ni ìdí tí wọ́n fi ṣe é.

Mo bá èyí pàdé nínú kóòdù kan:

```
IF WS-BRANCH = '017' AND WS-PROD = 'K'
    MOVE ZERO TO WS-FEE
END-IF
```

Kò sí àlàyé kankan lórí rẹ̀. AI ní ẹ̀ka 017 jẹ́ ẹ̀ka tí wọ́n fi ń ṣe ìdánwò, ó dá a lójú ṣáká. A fẹ́ pa á rẹ́. Mo ní kí wọ́n dúró ná. Mo pe màmá kan tó ti fẹ̀yìn tì láti ọdún mẹ́sàn-án, tí a ṣì máa ń pè wá síbi àsè Kérésì. Ó rẹ́rìn-ín. Ó ní omi ya wọ ẹ̀ka náà nígbà kan, ìwé àwọn oníbàárà bàjẹ́, àwọn ọ̀gá sì ṣèlérí fún àwọn tí ọ̀rọ̀ kàn pé wọn ò ní san owó iṣẹ́ lórí àkáǹtì yẹn mọ́ títí ayé. Ìdílé mẹ́rìnlélógún ṣì wà tó ń jẹ àǹfààní rẹ̀. Ibi kan ṣoṣo tí ìlérí yẹn wà lákọsílẹ̀ nínú ilé iṣẹ́ náà ni ìlà mẹ́ta yẹn.

Nítorí náà, Dallas, àwọn àgbà méjì yẹn tí wọ́n ń lọ, àwọn gan-an ni iṣẹ́ rẹ fún oṣù mẹ́fà yìí. Kóòdù ò ní sá. Ra kọfí fún wọn, jókòó, bi wọ́n pé "kí ni èyí?", kí o sì kọ ìdáhùn wọn sínú kóòdù náà gan-an, sórí ìlà náà gan-an. Má kọ ọ́ sínú ìwé tí ẹnikẹ́ni ò ní ṣí mọ́.

Java tí ẹ̀rọ túmọ̀ láìsí ẹni tó tún un rò, àwọn oníṣẹ́ ń fi ṣe yẹ̀yẹ́, JOBOL ni wọ́n ń pè é. Àdán ni: kò ṣe eku, kò ṣe ẹyẹ. Ẹni tó mọ COBOL ò lè kà á, ẹni tó mọ Java ò fẹ́ kà á.

Ọmọ_Ọ̀yọ́_Dallas
Kí wá ni kí n sọ fún ọ̀gá mi? "Sọ ọ́ di tuntun" ló wà lẹ́nu rẹ̀ tọ̀sán-tòru.

Ìyá_Kóòdù
Sọ fún un pé ẹ ò ní wó ilé nítorí pé fèrèsé rẹ̀ ti gbó.

Ìdánwò ni kí ẹ fi ṣáájú. Ẹ mú fáìlì tó wọlé lóru kan àti èyí tó jáde, ẹ tọ́jú méjèèjì (ẹ pa orúkọ àwọn ènìyàn rẹ́ nínú rẹ̀). Ohunkóhun tí ẹ bá fọwọ́ kàn, ẹ tún un ṣe pẹ̀lú fáìlì ìwọlé yẹn, kí èsì rẹ̀ bá ti àtijọ́ mu ní báìtì sí báìtì. Kí ẹ tó ṣe ìyẹn pàápàá, ẹ rí i dájú pé source (kóòdù tí ènìyàn kọ) tó wà lọ́wọ́ yín ni wọ́n fi ṣe èyí tó ń ṣiṣẹ́ gan-an. Ẹ má rẹ́rìn-ín. Mo ti bá ibì kan pàdé tí source ti sọnù, ẹ̀dà tó ṣáájú rẹ̀ ló wà nílẹ̀.

Lẹ́yìn náà, ẹ gbé kóòdù sínú Git, tó ń tọ́jú gbogbo àyípadà, ẹ jẹ́ kí àwọn ọmọ tuntun máa fi VS Code, ètò ìkọ̀wé kóòdù òde òní, kọ ọ́ dípò ojú ìwòye aláwọ̀ ewé yẹn. Ẹ tú GO TO, àṣẹ tó ń fò láti ibì kan dé ibòmíràn, ká díẹ̀díẹ̀, paragraph kan lẹ́ẹ̀kan. END-IF (tó ń pa IF dé) àti EVALUATE (tó ń yan ọ̀nà) ti wà láti COBOL-85, ẹ lò wọ́n. Bí app orí fóònù bá nílò ìdáhùn, ẹ má tún ìṣirò kọ, ẹ ṣílẹ̀kùn fún un: z/OS Connect lè sọ ètò CICS yín di API, ẹnu ọ̀nà tí app lè gbà béèrè nǹkan, Enterprise COBOL, COBOL ti IBM, fúnra rẹ̀ sì ti ní JSON PARSE àti JSON GENERATE láti ka JSON, irú dátà tí àwọn app ń lò, àti láti kọ ọ́. Oníbàárà ò ní mọ̀ pé arúgbó ló ń dá òun lóhùn. Bí ẹ bá wá fẹ́ kó apá kan kúrò pátápátá, ẹ kó o, kan ṣoṣo, kí ti tuntun àti ti àtijọ́ jọ máa rìn títí ọkàn yín á fi balẹ̀.

Ẹ má kó gbogbo rẹ̀ ní òpin ọ̀sẹ̀ kan. Báńkì TSB níbí nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ṣe bẹ́ẹ̀ lóṣù Kẹrin 2018. Kì í ṣe COBOL ló fà á, kíkó gbogbo ẹrù lẹ́ẹ̀kan náà ni, ìdánwò ò sì tó. Àwọn oníbàárà bíi mílíọ̀nù 1.9 ò rí àkáǹtì wọn wọ̀. Ní 2022, àwọn aláṣẹ tó ń ṣàkóso báńkì bu owó ìtanràn £48.65 mílíọ̀nù lé wọn.

Bàbá_Káàdì
Òótọ́ ọ̀rọ̀. Kí o tún wá ọ̀rọ̀ ọdún nínú fáìlì yín. Ní 1999, a ò ráyè sọ gbogbo ọdún di nọ́ńbà mẹ́rin, torí náà a fi ọgbọ́n tì í: bí nọ́ńbà méjì náà bá kéré sí 50, a ó fi 20 ṣáájú rẹ̀, bí bẹ́ẹ̀ kọ́, 19. Mo lo òru ọdún tuntun yẹn níwájú ẹ̀rọ, ìyàwó mi wà ní ṣọ́ọ̀ṣì. Ó ṣiṣẹ́. Ṣùgbọ́n adójútòfò lẹ ń ṣe, ẹni tí wọ́n bí ní 1948 ṣì wà láyé. Ètò yẹn lè ní 2048 ni wọ́n máa bí i. Wá `< 50` nínú kóòdù yín lónìí.

Akẹ́kọ̀ọ́_Ìbàdàn
Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má bínú. Ṣé iṣẹ́ COBOL wà nílé níbí?

Alákàwé_Ìkẹjà
Òótọ́ ni màá sọ fún ẹ: ó ṣọ̀wọ́n. Ọ̀pọ̀ báńkì wa, Finacle, Flexcube tàbí T24, àwọn ètò báńkì tí wọ́n ń rà, ni wọ́n ń lò. Amẹ́ríkà àti ilẹ̀ Yúróòpù ni mainframe pọ̀ sí, àwọn báńkì wọn kan sì máa ń ṣọ́ra kí ẹni tó wà lókèèrè má fọwọ́ kan dátà. Má fi Java tàbí Python rẹ sílẹ̀ nítorí COBOL. Kọ́ ọ mọ́ ọn. Lóṣù Kẹrin 2020, nígbà tí àrùn kòrónà dé, gómìnà New Jersey jáde sí gbangba, ó ń wá àwọn tó mọ COBOL láti wá yọ̀ǹda ara wọn, torí ẹ̀rọ owó àwọn tí iṣẹ́ bọ́ lọ́wọ́ wọn ò gbà á mọ́. Lásìkò yẹn náà ni Open Mainframe Project gbé ẹ̀kọ́ COBOL ọ̀fẹ́ jáde. Ó ṣì wà lórí GitHub.

Ìyá_Kóòdù
Fi IBM Z Xplore kún un. Ọ̀fẹ́ ni, wọ́n á sì fún ẹ láyè lórí mainframe gidi láti íntánẹ́ẹ̀tì. Àwọn kan á ní kí o gbé Hercules, ètò tó ń ṣe bíi mainframe, àti MVS 3.8j, ètò ìṣiṣẹ́ mainframe àtijọ́, sórí ẹ̀rọ rẹ. Eré tó dùn ni, ṣùgbọ́n COBOL inú rẹ̀ ti pẹ́ jù, END-IF gan-an kò sí níbẹ̀. Àwọn bíi bàbá ni kí wọ́n fi máa rántí ìgbà èwe.

Bàbá_Káàdì
Mo gbọ́ o.

Ọmọ_Ọ̀yọ́_Dallas
(Lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ mẹ́ta) Ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta. Mo gbà á. Mo wá `< 50` bí bàbá ṣe wí, mo rí i ní ibi mẹ́rìnlá, àwọn àgbà méjèèjì ò tilẹ̀ rántí pé ó wà níbẹ̀. Ọ̀gá mi ti dákẹ́ nípa Java fún ìgbà díẹ̀.

Ṣùgbọ́n ẹ gbà mí. Mo kọ ètò mi àkọ́kọ́ lóru àná, kékeré ni, ó kàn ń ro owó pọ̀. Ó kú. Ohun tó kọ ni S0C7. Mo ti wò ó láti àárọ̀, ìṣirò náà dára.

Bàbá_Káàdì
S0C7 ò bá ìṣirò jà, nọ́ńbà tí kì í ṣe nọ́ńbà ló rí. Wo dump tó jáde, ohun tó wà nínú ìrántí ẹ̀rọ nígbà tí ètò kú, lọ síbi àpapọ̀ owó yẹn. Kí lo rí?

Ọmọ_Ọ̀yọ́_Dallas
40 40 40 40 40.

Bàbá_Káàdì
Àlàfo márùn-ún nínú COMP-3. Ta ló fi MOVE SPACES (tó ń fi àlàfo kún un) nu gbogbo record kó tó bẹ̀rẹ̀ sí rò ó, dípò INITIALIZE, tó ń fi òdo sí ibi nọ́ńbà?

Ọmọ_Ọ̀yọ́_Dallas
Èmi ni, bàbá. Ìlà 212.